Bí Ọ̀dọ́ Ṣe Ń Di Agbésùnmọ̀mí: Ìtàn Umar Farouk Abdulmutallab Gẹ́gẹ́ Bí Àríkọ́gbọ́n fún Àwọn Olùkọ́ ní Jos

Àṣamọ̀

Nígbàkígbà tí rògbòdìyàn bá bẹ́ sílẹ̀ ní Jos, ìdáhùn tó máa ń kọ́kọ́ jáde lẹ́nu àwa àgbà ni pé òṣì, àìkàwé àti àìríṣẹ́ṣe ló ń sọ ọ̀dọ́ di oníwà ipá. Àpilẹ̀kọ yìí gbé ìdáhùn náà yẹ̀ wò pẹ̀lú ìtàn ọmọ Nàìjíríà kan tí kò tòṣì, tó kàwé, tí ilé bàbá rẹ̀ sì lówó. Umar Farouk Abdulmutallab ni, ẹni tó gbìyànjú láti fi bọ́ǹbù ba ọkọ̀ òfuurufú jẹ́ nígbà tó ń balẹ̀ sí Detroit ní ọjọ́ 25 oṣù Kejìlá, ọdún 2009. A fi ìgbésí ayé rẹ̀ wé ohun tó ṣẹlẹ̀ sí àwọn ọ̀dọ́ Jos láàrin 2001 sí 2010. Ọ̀nà méjèèjì yàtọ̀ síra, ṣùgbọ́n wọ́n pàdé níbì kan: ọ̀dọ́ kan ní ìbéèrè tàbí ẹ̀dùn ọkàn, ẹni tó sì kọ́kọ́ fún un ní ìdáhùn tó tẹ́ ẹ lọ́rùn ló gba ọkàn rẹ̀. A fi àbá kádìí rẹ̀ fún àwọn tó ń dá olùkọ́ lẹ́kọ̀ọ́.

1. Ìfáárà

Ní èdè Haúsá, pákó ni katako. Orúkọ yìí ni wọ́n ń pe àdúgbò àti ọjà kan ní Jos, níbi tí àwọn tó fẹ́ kọ́lé, àwọn káfíńtà àti àwọn tó ń kan ìlẹ̀kùn ti ń ra igi. Irú ọjà bẹ́ẹ̀ kì í béèrè ẹ̀yà lọ́wọ́ oníbàárà. Ìgbò lè tà á, kí Haúsá rà á, kí Yorùbá tàbí Berom sì fi kan àga tí gbogbo wọn yóò jókòó lé. Síbẹ̀, ìlú kan náà tó mọ bí a ṣe ń bá ara ẹni nájà ni a ti rí ọ̀dọ́ tó dáná sun ilé aládùúgbò rẹ̀. Ọ̀pọ̀ àwọn tó ń kọ́ṣẹ́ olùkọ́ ní Plateau lónìí ló jẹ́ pé ìgbà rògbòdìyàn ni wọ́n dàgbà, àwọn ọmọ irú àdúgbò bẹ́ẹ̀ ni wọn yóò sì lọ máa kọ́.

Ìbéèrè tó wà níwájú wa rọrùn láti bi, kò rọrùn láti dáhùn: kí ló ń yí ọkàn ọ̀dọ́ padà débi pé yóò gbà pé pípa ẹni tí kò ṣẹ òun jẹ́ iṣẹ́ rere? Bó bá jẹ́ pé òṣì àti àìkàwé nìkan ni, iṣẹ́ olùkọ́ kò pọ̀ níbẹ̀: kí a kọ́ ilé ẹ̀kọ́ sí i, kí ìjọba pèsè iṣẹ́, ọ̀rọ̀ bùṣe. Ìdí nìyí tí a fi lọ mú ìtàn ẹni tí òṣì kò mọ ilé rẹ̀ wá. Ìtàn rẹ̀ wà nínú àkọsílẹ̀ ilé ẹjọ́ Detroit àti ìwádìí ìjọba Amẹ́ríkà, ilé ẹ̀kọ́ rẹ̀ ní Lọ́ńdọ̀nù sì ṣe ìwádìí tirẹ̀. Kí a tó dé ọ̀dọ̀ rẹ̀, ó yẹ kí a kọ́kọ́ wo Jos fúnra rẹ̀.

2. Jos àti bí ìjà ṣe di ohun tí ọ̀dọ́ ń jogún

Ìwakùsà tin ló sọ Jos di ìlú ńlá ní ìbẹ̀rẹ̀ ọ̀rúndún tó kọjá. Àwọn Berom, Afizere àti Anaguta ń sọ pé àwọn ló ni ilẹ̀. Àwọn Haúsá tó ń pe ara wọn ní Jasawa ń sọ pé bàbá àwọn ló tẹ ìlú náà dó. Ìgbò, Yorùbá, Urhobo àti àwọn ẹ̀yà mìíràn bá iṣẹ́ kùsà, ọkọ̀ ojú irin àti òwò wọ̀lú. Àwọn ọmọ Yorùbá wà tó jẹ́ pé ibẹ̀ ni wọ́n bí bàbá wọn sí, ibẹ̀ ni wọ́n sì sin ín sí.

Ìjà kò ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀ níbẹ̀. Ní 1945, Haúsá àti Ìgbò bá ara wọn jà ní Jos. Ní 1966, wọ́n pa ọ̀pọ̀ Ìgbò níbẹ̀ bí wọ́n ti pa wọ́n ní àwọn ìlú Òkè Ọya mìíràn. Ṣùgbọ́n ìjà tó wà lọ́kàn àwọn ọ̀dọ́ òde òní bẹ̀rẹ̀ lẹ́yìn tí ìjọba ológun dá ìjọba ìbílẹ̀ Jos North sílẹ̀ ní 1991. Láti ìgbà náà ni ìbéèrè pé ta ni ọmọ onílẹ̀ ti di ọ̀rọ̀ ipò, ọ̀rọ̀ iṣẹ́ ìjọba àti ọ̀rọ̀ sìkọ́láṣípù. Ọmọ tí kò bá rí ìwé ẹ̀rí ọmọ ìbílẹ̀ gbà mọ̀ pé àwọn ilẹ̀kùn kan ti ti mọ́ òun, bó tilẹ̀ jẹ́ pé kò mọ ìlú mìíràn. Ní ọjọ́ 12 oṣù Kẹrin, ọdún 1994, rògbòdìyàn bẹ́ sílẹ̀ nítorí ẹni tí ìjọba yàn láti darí Jos North.

Ní 2001, ipò mìíràn tún dá ìjà sílẹ̀. Ipò olùdarí ètò ìmúkúrò òṣì, èyí tí à ń pè ní NAPEP, ní Jos North ni. Ọ̀rọ̀ náà ti ń ru gùdù fún ọ̀sẹ̀ mélòó kan. Ní ọjọ́ Jímọ̀, ọjọ́ 7 oṣù Kẹsàn-án, aáwọ̀ kékeré kan tó wáyé níwájú mọ́sálásí kan ní àdúgbò Congo Russia tan iná ràn án. Láàrin ọjọ́ mẹ́fà, nǹkan bí ẹgbẹ̀rún kan èèyàn kú gẹ́gẹ́ bí àjọ Human Rights Watch ti ṣírò rẹ̀. Ẹ jẹ́ kí a kíyè sí i: ipò tí wọ́n dá sílẹ̀ láti gba ọ̀dọ́ lọ́wọ́ òṣì ló di ohun tí wọ́n ń torí rẹ̀ pa ara wọn. Òṣì wà níbẹ̀ lóòótọ́, ṣùgbọ́n ohun tó ń dun àwọn èèyàn jù ni pé wọ́n gbà pé ẹlòmíràn ń gba ohun tó tọ́ sí àwọn.

Lẹ́yìn èyí, ìlú pín sí méjì. Mùsùlùmí kó kúrò láàrin Kristẹni, Kristẹni kó kúrò láàrin Mùsùlùmí. Àwọn àdúgbò kan gba orúkọ tuntun bíi Jerúsálẹ́mù Tuntun àti Sharia Line. Àwọn ọ̀dọ́ bẹ̀rẹ̀ sí í ṣọ́ òpópónà wọn lóru. Àwọn ìyá ń gbé oúnjẹ fún wọn, àwọn àgbà ń gbàdúrà fún wọn, nítorí ààbò ni gbogbo èèyàn kà á sí. Nígbà tí ìbò ìjọba ìbílẹ̀ tún dá ìjà sílẹ̀ ní ọjọ́ 28 oṣù Kọkànlá, ọdún 2008, àwọn tó ń ṣọ́ òpópónà ti wà nílẹ̀, ohun ìjà sì ti wà lọ́wọ́ wọn. Ó lé ní 700 èèyàn tó kú. Àwọn agùnbánirọ̀ tí wọn kò mọ ohun tó fa ìjà náà wà lára àwọn tí wọ́n pa. Ní oṣù Kìíní, ọdún 2010, wọ́n pa àwọn Mùsùlùmí ní Kuru Karama. Ní oṣù Kẹta ọdún náà, wọ́n pa àwọn Kristẹni Berom ní Dogo Nahawa. Nínú méjèèjì, àwọn ọmọdé àti ìyá wọn pọ̀ nínú òkú.

Nínú ìtàn yìí, a kò rí i pé ẹnikẹ́ni ní láti jókòó wàásù fún ọ̀dọ́ kan kó tó di oníjà. Ìlú fúnra rẹ̀ ni wáàsí náà. Ọ̀dọ́ rí ilé tó jó, ó gbọ́ orúkọ ẹni tí wọ́n ní ó sun ún, àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ sì ti wà lójú pópó.

3. Ọ̀sẹ̀ kan náà ní Lomé

Bí Jos ṣe ń jó ní ọ̀sẹ̀ náà, ìròyìn mìíràn gba ayé kan. Ní ọjọ́ 11 oṣù Kẹsàn-án, ọdún 2001, wọ́n fi ọkọ̀ òfuurufú wó ilé gogoro méjì ní New York. Kò sí ilé ẹ̀kọ́ tí ọ̀rọ̀ náà kò dé. Ní British School of Lomé, ní orílẹ̀-èdè Tógò, wọ́n jíròrò rẹ̀ nínú kíláàsì. Ọmọ Nàìjíríà kan wà níbẹ̀ tí kò tíì pé ọdún 15.

Èkó ni wọ́n bí Umar Farouk sí, ní ọjọ́ 22 oṣù Kejìlá, ọdún 1986. Bàbá rẹ̀, Alhaji Umaru Mutallab, ọmọ Funtua ní ìpínlẹ̀ Katsina, ti ṣe mínísítà ìjọba àpapọ̀ rí, òun sì ni alága First Bank títí di oṣù Kejìlá, ọdún 2009. Ìyá rẹ̀ wá láti ilẹ̀ Yemen. Umar Farouk ni àbíkẹ́yìn nínú ọmọ 16. Ó lo ìgbà èwe rẹ̀ ní Kàdúná kí wọ́n tó fi í sí ilé ẹ̀kọ́ olówó ńlá ní Lomé, níbi tó ti ń gbé inú ọgbà pẹ̀lú àwọn akẹ́kọ̀ọ́ láti oríṣiríṣi orílẹ̀-èdè.

Olùkọ́ ìtàn rẹ̀ níbẹ̀ sọ fún àwọn oníròyìn lẹ́yìn ọdún 2009 pé ọmọ tí olùkọ́ kankan yóò fẹ́ ní kíláàsì ni: ó mọ̀wé, ó ní ìwà ọmọlúàbí, ó sì fọwọ́ mú ẹ̀sìn rẹ̀ débi pé àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ ń pè é ní Alfa. Ó ní nígbà tí wọ́n lọ sí Lọ́ńdọ̀nù, ó fi owó tó yẹ kó fi ra nǹkan ìrántí ta àwọn ọmọ òrukàn lọ́rẹ. Olùkọ́ kan náà sọ pé nígbà tí wọ́n ń sọ̀rọ̀ nípa Taliban ní kíláàsì, gbogbo àwọn ọmọ Mùsùlùmí yòókù ló bẹnu àtẹ́ lù wọ́n, Umar Farouk nìkan ló ní wọn kò ṣe àṣìṣe. Olùkọ́ náà rò pé ó kàn ń ta ko àwọn yòókù kí àríyànjiyàn lè gbóná ni.

Kò sí ẹni tó lè fi ọwọ́ sọ̀yà pé ibẹ̀ ni ọ̀rọ̀ ti bẹ̀rẹ̀. Ọ̀pọ̀ ọmọ ló ti sọ ohun tó burú ju bẹ́ẹ̀ lọ ní kíláàsì tí wọ́n sì dàgbà di èèyàn gidi. Ohun tí a lè sọ ni pé ọmọ náà ní ìbéèrè kan nínú, ó sì kọ́kọ́ gbé e jáde níwájú olùkọ́.

4. Lọ́ńdọ̀nù: ọmọ tó dá wà

Ní 2005, ní sáà tó ń múra yunifásítì, ó lọ sí Sana'a ní Yemen láti kọ́ èdè Lárúbáwá. Ní ọdún yẹn náà, ẹni kan tó ń pe ara rẹ̀ ní Farouk1986 ń kọ ọ̀rọ̀ sórí íntánẹ́ẹ̀tì, gbogbo àlàyé tó ṣe nípa ara rẹ̀ sì bá ti Umar Farouk mu. Púpọ̀ nínú ohun tó kọ jẹ́ ọ̀rọ̀ ọ̀dọ́ lásán: bọ́ọ̀lù, ìdánwò, yunifásítì tó yẹ kó lọ. Ṣùgbọ́n ó tún kọ ọ́ pé òun dá wà, pé òun kò ní ọ̀rẹ́ tòótọ́ tí òun lè fi ọ̀rọ̀ lọ̀, àti pé òun kò mọ bí èèyàn ṣe lè di ẹ̀sìn mú láàrin àwọn tí kò kà á sí. Ó ní òun máa ń ronú nípa ogun ẹ̀sìn.

Ẹ̀rọ íntánẹ́ẹ̀tì ló bá a sọ̀rọ̀. Àwọn tó dá a lóhùn kò mọ̀ ọ́n lójú, wọn kò sì lè rí i bó ṣe ń yí padà. Láàrin àwọn wáàsí tó ń gbọ́ ni ti Anwar al-Awlaki, oníwàásù tí wọ́n bí sí Amẹ́ríkà, tó gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì bí ẹnu àwọn ọ̀dọ́ ṣe ń sọ ọ́, tó sì padà sí Yemen.

Ní oṣù Kẹsàn-án, ọdún 2005, ó wọ University College London láti kọ́ ìmọ̀ ẹ̀rọ. Ó di ààrẹ ẹgbẹ́ àwọn akẹ́kọ̀ọ́ Mùsùlùmí ibẹ̀ ní 2006, ó sì gboyè ní 2008. Lẹ́yìn ìṣẹ̀lẹ̀ Detroit, ilé ẹ̀kọ́ náà gbé ìgbìmọ̀ kalẹ̀. Ìgbìmọ̀ náà sọ ní 2010 pé àwọn kò rí ẹ̀rí pé ibẹ̀ ni wọ́n ti yí i lọ́kàn padà. Ó yẹ kí a gba èyí gbọ́, kí a sì tún rí ohun mìíràn nínú rẹ̀. Ọdún mẹ́ta ni ọmọ náà fi wà láàrin àwọn ọ̀mọ̀wé, ó ń ṣe ìpàdé, ó ń ṣe ìdánwò, kò sì sí ẹni tó mọ ohun tó wà lọ́kàn rẹ̀. Ìwé tó kà fún un ní ìmọ̀, ṣùgbọ́n ìmọ̀ náà kò kan ìbéèrè tó ń jẹ ẹ́ lọ́kàn.

5. Yemen, àti ìwé tó kọ sí Awlaki

Ní ìbẹ̀rẹ̀ 2009, ó wà ní Dubai, ó ń kàwé fún oyè kejì. Ní oṣù Kẹjọ, ó padà sí Sana'a. Ó sọ fún àwọn ará ilé pé Lárúbáwá lòun tún fẹ́ kọ́ sí i. Àkọsílẹ̀ tí àwọn agbẹjọ́rò ìjọba Amẹ́ríkà fi sílẹ̀ ní kóòtù fi hàn pé Awlaki ló ń wá. Ó ń lọ láti mọ́sálásí kan sí òmíràn, ó ń béèrè ẹni tó lè mú òun dé ọ̀dọ̀ rẹ̀. Nígbà tó rí i bá sọ̀rọ̀, ó lo ọjọ́ mélòó kan láti kọ ìwé sí i, ó sọ ìdí tó fi fẹ́ jagun ẹ̀sìn, ó sì ní kó tọ́ òun sọ́nà. Awlaki dá a lóhùn pé òun yóò wá ọ̀nà fún un.

Olùkọ́ tó bá ka èyí yóò rí nǹkan tó mọ̀ dáadáa níbẹ̀. Akẹ́kọ̀ọ́ kọ àròkọ, ó fi ọjọ́ mélòó kan ṣe é, ó fi ránṣẹ́, ẹni tó ń retí sì kà á, ó fún un lésì. Ó gbà á sílé fún ọjọ́ mẹ́ta. Lẹ́yìn náà ni wọ́n mú un lọ sí ibùdó al-Qaeda, níbi tí Ibrahim al-Asiri ti ṣe bọ́ǹbù tó ṣeé rán mọ́ àwọ̀tẹ́lẹ̀. Awlaki kò bìkítà bí ọmọ náà yóò ṣe kú. Ṣùgbọ́n nínú gbogbo àwọn àgbà tó wà nínú ìtàn yìí, òun ló ní kó ṣàlàyé ara rẹ̀ délẹ̀.

6. Bàbá tó lọ fi ọ̀rọ̀ ọmọ rẹ̀ sùn

Ní oṣù Kẹwàá, ọdún 2009, Umar Farouk fi ọ̀rọ̀ ránṣẹ́ sílé pé òun ti já okùn ìbátan. Àwọn Yorùbá ní bí ará ilé ẹni bá ń jẹ kòkòrò búburú, tí a kò bá sọ fún un, hẹ̀rẹ̀huru rẹ̀ kò ní jẹ́ ká sùn lóru. Alhaji Mutallab kò sùn. Wọ́n wá ìrànlọ́wọ́ àwọn òṣìṣẹ́ aláàbò Nàìjíríà. Ní ọjọ́ 19 oṣù Kọkànlá, wọ́n lọ sí ilé iṣẹ́ aṣojú ìjọba Amẹ́ríkà ní Abuja, wọ́n sì sọ pé ẹ̀rù ọ̀nà tí ọmọ àwọn ń tọ̀ ń ba àwọn, àti pé Yemen ló wà. Kò sí òbí tí irú ìrìn bẹ́ẹ̀ kò ní nira fún.

Ohun tó tẹ̀ lé e bani nínú jẹ́. Wọ́n kọ orúkọ rẹ̀ mọ́ àkójọ kan tó ní nǹkan bí 550,000 orúkọ, ṣùgbọ́n wọn kò kọ ọ́ mọ́ ti àwọn tí kò gbọdọ̀ wọ ọkọ̀ òfuurufú. Wọ́n ṣi orúkọ rẹ̀ kọ nínú ìwé tí wọ́n fi ránṣẹ́, ìyẹn ni kò jẹ́ kí wọ́n rí i pé físà Amẹ́ríkà tí wọ́n fún un ní 2008 ṣì wà lọ́wọ́ rẹ̀. Ní oṣù Kìíní, ọdún 2010, Ààrẹ Barack Obama gbà pé ìròyìn wà nílẹ̀, pé àwọn ilé iṣẹ́ ìjọba ni kò so ó pọ̀.

Ní ọjọ́ 24 oṣù Kejìlá, Umar Farouk wọ ọkọ̀ ní Èkó lọ sí Amsterdam. Ní ọjọ́ kejì, tí í ṣe ọjọ́ Kérésìmesì, ó wọ ọkọ̀ Northwest 253 lọ sí Detroit. Arìnrìn-àjò 279 àti òṣìṣẹ́ 11 ló wà nínú rẹ̀. Bí ọkọ̀ ti ń balẹ̀, ó gbìyànjú láti tan bọ́ǹbù náà. Iná sọ, ó jó o lára, ṣùgbọ́n bọ́ǹbù kò bú bí wọ́n ti ṣètò rẹ̀. Àwọn arìnrìn-àjò dì í mú, wọ́n pa iná náà. Ọjọ́ mẹ́ta péré ló fi lé ní ọmọ ọdún 23. Ní ọjọ́ 12 oṣù Kẹwàá, ọdún 2011, ó gbà ní kóòtù pé òun jẹ̀bi. Ní ọjọ́ 16 oṣù Kejì, ọdún 2012, wọ́n dá ẹ̀wọ̀n gbére mẹ́rin àti ọdún 50 fún un.

7. Kì í ṣe ọ̀rọ̀ ẹ̀yà kan

Ẹni tó bá ń ka ìtàn yìí ní ilẹ̀ Yorùbá lè sọ pé ọ̀rọ̀ àwọn ará Òkè Ọya ni. Bẹ́ẹ̀ kọ́. Láàrin oṣù Kìíní 2010 sí oṣù Kẹjọ 2011, Lawal Olaniyi Babafemi lọ sí ọ̀dọ̀ àwọn ẹgbẹ́ kan náà ní Yemen, ó bá wọn ṣiṣẹ́ nínú ìròyìn èdè Gẹ̀ẹ́sì tí wọ́n ń gbé jáde, wọ́n sì fún un lówó tó fẹ́rẹ̀ẹ́ tó 9,000 dọ́là láti wá àwọn ọ̀dọ́ Nàìjíríà mìíràn. Ilé ẹjọ́ kan ní New York rán an ní ẹ̀wọ̀n ọdún 22 ní 2015. Ní Lọ́ńdọ̀nù, ní ọjọ́ 22 oṣù Karùn-ún, ọdún 2013, Michael Adebolajo àti Michael Adebowale pa ọmọ ogun kan, Lee Rigby, ní Woolwich. Ọmọ àwọn Kristẹni tó wá láti Nàìjíríà ni Adebolajo. Adebowale ní tirẹ̀ ti rí bí wọ́n ṣe pa ọ̀rẹ́ rẹ̀ lójú rẹ̀ nígbà tó wà ní ọmọ ọdún 16. Kò sí ẹ̀yà tàbí ẹ̀sìn òbí tó lè sọ pé ọmọ tòun kò lè ṣe é láé.

8. Níbi tí ọ̀nà méjèèjì ti pàdé

Ìyàtọ̀ pọ̀ láàrin ọ̀dọ́ Jos àti Umar Farouk. Èkíní jà láàrin ọ̀pọ̀ èèyàn, èkejì dá nìkan lọ. Èkíní rí òkú àwọn tirẹ̀ lójú, èkejì gbọ́ nípa ìyà àwọn tó jìnnà sí i. Àwọn ará àdúgbò ń yin èkíní, bàbá èkejì lọ sọ̀rọ̀ rẹ̀ fún ìjọba. Bí a bá lo oògùn kan náà fún wọn, ẹnì kan nínú wọn kò ní sàn.

Síbẹ̀, ohun mẹ́ta pa wọ́n pọ̀. Èkíní, àwọn méjèèjì gbà pé wọ́n ń rẹ́ àwọn tàwọn jẹ, wọn kò sì rí ọ̀nà mìíràn tí a lè gbà yanjú rẹ̀. Èkejì, kò sí ẹni tó wà nítòsí wọn láti apá kejì tí wọ́n lè bi ní ìbéèrè: ìlú tó pín sí méjì ló fà á ní Jos, ìdáwà ló fà á ní Lọ́ńdọ̀nù. Ẹ̀kẹta, ẹnì kan wà nílẹ̀ tó ní ìdáhùn tó rọrùn, tó dárúkọ ọ̀tá, tó sì fún ọ̀dọ́ náà ní iṣẹ́ láti ṣe. Nígbà tí bọ́ǹbù bú ní Gada Biyu àti Angwan Rukuba ní alẹ́ ọjọ́ 24 oṣù Kejìlá, ọdún 2010, ọdún kan gan-an lẹ́yìn tí Umar Farouk gbéra ní Èkó, ọ̀nà méjèèjì ti pàdé ní Jos. Ẹgbẹ́ Jama'atu Ahlis Sunna, tí aráyé mọ̀ sí Boko Haram, ní àwọn ló ṣe é, wọ́n sì lo ìjà onílẹ̀ àti àlejò bí àwáwí. Ní ọjọ́ 20 oṣù Karùn-ún, ọdún 2014, bọ́ǹbù méjì pa èèyàn tó lé ní ọgọ́rùn-ún ní agbègbè Terminus, Haúsá àti Berom, Ìgbò àti Yorùbá, ní ọjà tí gbogbo wọn jọ ń ná.

9. Ohun tó kan olùkọ́

Kí ni kí olùkọ́ ṣe bí ọmọ kan bá dìde ní kíláàsì tó ní àwọn tó pani kò ṣe àṣìṣe? Ọ̀nà kan ni kó fi sùn. Ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ti sọ èyí di òfin fún àwọn ilé ẹ̀kọ́ láti 2015, ọ̀pọ̀ olùkọ́ níbẹ̀ sì ń ké pé ó ń pa àwọn ọmọ lẹ́nu mọ́. Ní Jos, ewu rẹ̀ ju bẹ́ẹ̀ lọ. Human Rights Watch kọ ọ́ pé nínú ìṣẹ̀lẹ̀ 2008, àwọn agbófinró pa àwọn ọ̀dọ́ tí kò gbé ohun ìjà. Ọmọ tí wọ́n bá fi sùn lónìí lè má padà wálé, àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ yóò sì gbà pé òótọ́ ni ohun tó ń sọ. Ọ̀nà kejì ni kí olùkọ́ fojú fò ó. Ìyẹn ló rọrùn jù, òun ni ọ̀pọ̀ wa sì ń ṣe.

Ọ̀nà kẹta ni kí olùkọ́ bi í pé: kí ló mú ọ sọ bẹ́ẹ̀? Kó gbọ́ ìdáhùn rẹ̀ tán. Kó jẹ́ kí àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ tó ṣe ẹ̀sìn kan náà fèsì. Kó padà sórí ọ̀rọ̀ náà ní ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀ pẹ̀lú ẹ̀rí láti inú ìtàn. Bí ẹ̀rù bá ń bà á síbẹ̀, kó ké sí òbí àti Àfáà tàbí pásítọ̀ tí ọmọ náà gbọ́kàn lé. Ibi tí ọmọ bá ti sọ pé òun fẹ́ pa ẹnì kan pàtó, tàbí tí ohun ìjà bá ti wà, ọ̀rọ̀ ti kọjá kíláàsì, agbófinró ló kàn.

Iṣẹ́ yìí nílò olùkọ́ tó mọ ìtàn. Ṣùgbọ́n ní sáà ẹ̀kọ́ 2009/2010, sáà kan náà tí Umar Farouk wọ ọkọ̀ lọ sí Detroit, a mú ìtàn kúrò gẹ́gẹ́ bí iṣẹ́ tó dá dúró ní àwọn ilé ẹ̀kọ́ alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ àti girama kékeré Nàìjíríà. Ìjọba pàṣẹ ní 2018 pé kó padà. Láàrin ìgbà náà, ọmọ tó fẹ́ mọ ohun tó ṣẹlẹ̀ ní 2001 gbọ́ ọ lẹ́nu àwọn tó wà ní òpópónà rẹ̀ nìkan. Jerúsálẹ́mù Tuntun ní ìtàn tirẹ̀, Sharia Line ní tirẹ̀, kò sì sí yàrá ìkẹ́kọ̀ọ́ tí a ti gbé méjèèjì sí ẹ̀gbẹ́ ara wọn.

10. Àbá

Ìkíní, kí àwọn kọ́lẹ́ẹ̀jì ẹ̀kọ́ fi bí a ṣe ń darí àríyànjiyàn tó le ní kíláàsì sínú ìdánilẹ́kọ̀ọ́ NCE, kí wọ́n sì dán akẹ́kọ̀ọ́ wò lórí rẹ̀ nígbà ìkọ́nilẹ́kọ̀ọ́ àfidánrawò.

Ìkejì, kí a kọ ìtàn Jos láti 1945 títí di òní gẹ́gẹ́ bí ìwé kíláàsì, kí àwọn òǹkọ̀wé láti gbogbo apá jọ kọ ọ́, kí òkú apá kan má ṣe sọnù nínú rẹ̀.

Ìkẹta, kí a máa rán àwọn akẹ́kọ̀ọ́ wa lọ kọ́ni ní àdúgbò tí kì í ṣe ti ẹ̀sìn wọn, níbi tí ààbò bá ti wà. Ó lè jẹ́ pé irú olùkọ́ bẹ́ẹ̀ ni ẹni àkọ́kọ́ láti apá kejì tí ọmọ kan yóò mọ̀.

Ìkẹrin, kí ilé ẹ̀kọ́ ní ọ̀nà tí òbí tí ẹ̀rù ọmọ rẹ̀ ń bà lè gbà sọ̀rọ̀ láìsí pé wọ́n ń wo ilé rẹ̀ bí ilé ọ̀daràn. Alhaji Mutallab mọ ibi tó yẹ kí wọ́n lọ, wọ́n sì lágbára láti débẹ̀. Bàbá tó ń la pákó ní Katako kò ní irú àǹfààní yẹn. Ọ̀dọ̀ olùkọ́ ni yóò wá, bó bá mọ̀ pé olùkọ́ yóò gbọ́ tòun.

11. Ìgúnlẹ̀

Òṣì ń dá kún ìwà ipá, ìjọba sì gbọ́dọ̀ gbógun tì í. Ṣùgbọ́n ìtàn tí a gbé yẹ̀ wò fi hàn pé owó àti ìwé kò tó láti dáàbò bo ọkàn ọ̀dọ́. Ọmọ náà ní owó, ó ní ìwé, ó ní bàbá tó fẹ́ràn rẹ̀. Kò ní ẹni tó wà nítòsí tó bá a fa ọ̀rọ̀ náà délẹ̀ nígbà tó ṣì jẹ́ ọ̀rọ̀ lásán. Ní ìlú bíi Jos, níbi tí ìdáhùn tó rọrùn kò ti wọ́n ní ojú pópó, iṣẹ́ yẹn já lé àwọn olùkọ́ léjìká, ó sì yẹ kí àwa tó ń kọ́ wọn kọ́ wọn bí wọn yóò ṣe ṣe é.